Ìwé Tó Ń Gbọ̀n Lọ́wọ́ Tokie

Ohùn Tokie kò dàgbà, ọwọ́ rẹ̀ ló dàgbà. Ẹni ọdún méjìdínláàádọ́rin ni Okuyama Tokie, gbogbo irun orí rẹ̀ ló ti funfun. Ṣùgbọ́n tó bá ti dúró níwájú máìkì tó la ẹnu, ọmọdé ló ń jáde níbẹ̀, ọmọkùnrin alágídí kan báyìí tí kì í rìn àfi kó sáré. Mugimaru lorúkọ ọmọ náà. Ọ̀kẹ́rẹ́ ni, iṣẹ́ rẹ̀ ni pé ó ń pín lẹ́tà kiri inú igbó, nínú kátúùnù kan tí àwọn ọmọ Japan ń tìtorí ẹ̀ jí láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú. Obìnrin ni wọ́n sábà máa ń fi ohùn ọmọkùnrin lé lọ́wọ́ nídìí iṣẹ́ yẹn, torí ọmọkùnrin gidi, lọ́jọ́ tí ohùn bá yí mọ́ ọn lọ́fun, ó parí. Ti Tokie ò yí. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló ti fi jẹ́ ọ̀kẹ́rẹ́. Àwọn tó kọ́kọ́ wò ó ti bímọ, àwọn ọmọ wọn náà ti ń wò ó, kò sì sí ìkankan nínú wọn tó lè dá a mọ̀ nínú ọkọ̀ ojú irin.

Ẹ jẹ́ n tètè sọ ọ́, Tokie moore. Bèbí ọ̀kẹ́rẹ́ kékeré kan wà lórí pẹpẹ ìdáná ilé rẹ̀ ní àdúgbò Asagaya, kò sì sí àárọ̀ tí kì í kí i kó tó da omi gbígbóná sí tíì. "O ṣeun o, Mugimaru," á sì tẹrí ba fún un díẹ̀. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú, ọjọ́ kẹrin ló padà sẹ́nu iṣẹ́. Ọ̀kẹ́rẹ́ ní láti rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà, ó sì rín in. Ó máa ń sọ pé ẹ̀rín yẹn ló gbé òun dìde nílẹ̀. Ta ló ní irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ tí kò ní máa dúpẹ́?

Ìgbà òtútù ni ọwọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Tíì kọ́kọ́ ń dà nù, lẹ́yìn náà, bọ́tìnnì ò fẹ́ wọlé mọ́. Dókítà yẹ̀ ẹ́ wò, ó ní ọjọ́ orí ni, pé kò ní pa á. Tokie dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó jáde, ó sì jókòó sórí àga níwájú ilé ìwòsàn fún bíi wákàtí kan, torí dókítà ò mọ ohun tó ń sọ.

Àwọn oníṣẹ́ ohùn ò ní tábìlì. Orí ìdúró ni wọ́n ti ń ṣe é, ìwé ọ̀rọ̀ lọ́wọ́, ojú lára àwòrán tó ń rìn lára ògiri. Máìkì mẹ́rin péré ló máa ń wà fún èèyàn mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, kálukú á bọ́ síwájú nígbà tó bá kàn án, á sì yẹra fún ẹlòmíì, bí ológbò, ẹsẹ̀ ò gbọdọ̀ dún. Máìkì ọ̀hún, gbogbo nǹkan ló ń gbọ́. Wọn kì í wọ aṣọ tó ń pariwo wọbẹ̀, ẹ̀gbà ọwọ́ ò wọbẹ̀. Ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n sì ń kọ́ ẹni tuntun, kì í ṣe ọ̀rọ̀ sísọ rárá, bí wọ́n ṣe ń ṣí ojú ewé tí kò fi ní dún ni. Ẹni tí ìwé bá ń dún lọ́wọ́ rẹ̀, bí ohùn rẹ̀ tiẹ̀ dára tó ti áńgẹ́lì, wọn ò lè lò ó.

Tokie mọ ọkùnrin kan tí orúnkún rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í dún kẹ́kẹ́ tó bá fẹ́ dìde. Kò sẹ́ni tó lé e. Ní ìlú yẹn, wọn kì í lé àgbà. Wọ́n á kí i dáadáa, wọ́n á tẹrí ba fún un dé ilẹ̀, fóònù rẹ̀ ò kàn ní dún mọ́ ni.

Ló bá fi ọgbọ́n sí i. Bí wọ́n bá ti fi ìwé ọ̀rọ̀ ọ̀sẹ̀ ránṣẹ́ sí i, á há gbogbo rẹ̀ sórí pátá, tirẹ̀ àti ti àwọn ẹlòmíì. Ibi tó ti ń gé ewébẹ̀ ló ti ń há a, létí odò níbi tó ti ń nasẹ̀ ló ti ń há a, àwọn ajá àdúgbò ti gbọ́ ọ sú. Tó bá dé sítúdíò, á di ìwé mọ́ àyà gbágbá bí ọmọ tó ń lọ sílé ìwé lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ọwọ́ á sì dákẹ́. Àwọn ọmọdé ibẹ̀ bá ń yìn ín, wọ́n ní ẹ ò rí Màmá, Màmá ò tiẹ̀ wo ìwé mọ́. Ìyìn náà ń ta á lójú bí ata. Oṣù mẹ́rin ló fi ṣe bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́bọ̀ kan nínú oṣù karùn-ún ni tibí yìí ṣẹlẹ̀. Aago mẹ́ta ọ̀sán ni Tokie sọ̀ kalẹ̀ sí sítúdíò, abẹ́ ilẹ̀ ló wà, ní Yoyogi. "Ẹ káàárọ̀ o," ni wọ́n ń kí ara wọn, torí nínú iṣẹ́ yẹn, ìgbà yòówù kéèyàn dé, àárọ̀ rẹ̀ ló ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ́. Àwọn ẹni tuntun mẹ́ta jókòó sídìí ilẹ̀kùn ńlá tí wọ́n máa ń ṣí fún àgbà. Tokie pín àkàrà ẹ̀wà dídùn tó rà ní Asagaya fún wọn, ó lọ jókòó sáàyè rẹ̀ láàárín.

Nagumo Sayo ló jókòó tì í. Ẹni ọdún mẹ́rìnlélógójì ni Sayo, ó ga bí ọ̀pẹ, ohùn rẹ̀ sì há. Òun ló ń ṣe kannakánná, ọ̀gá ọ́fíìsì lẹ́tà tó máa ń lé Mugimaru kiri. Sayo yọ ìrẹsì kan nínú báàgì, ó fún un. Gbogbo ọjọ́ iṣẹ́ ló máa ń mú un wá, ìrẹsì tí wọ́n dì pọ̀ tí wọ́n fi èso kíkan sáàárín. Ó ti pẹ́ tó ti ń ṣe bẹ́ẹ̀. Tokie ò béèrè ìdí rí, ó ṣáà mọ̀ pé ọmọ tí wọ́n kọ́ nílé ni. Ó ní kí àwọn pín in sí méjì, Sayo ní òun ti jẹun.

Wọ́n dán iṣẹ́ wò lẹ́ẹ̀kan, ó dùn. Ni ohùn Hirabayashi bá jáde látinú yàrá onígíláàsì. Hirabayashi ni ọ̀gá ohùn níbẹ̀, ọkùnrin kan tí ojú rẹ̀ máa ń dà bí ẹni tí kò sùn. Ó ní òǹkọ̀wé ti yí ìparí padà láàárọ̀ yẹn. Baba kan wà nínú igbó ọ̀hún, ìjàpá ni, tó ti ń pín lẹ́tà kí wọ́n tó bí Mugimaru. Baba fẹ́ fi iṣẹ́ sílẹ̀, Mugimaru ló máa ka lẹ́tà ìdágbére sí i létí. Ọ̀rọ̀ tuntun ló kún ojú ìwé méjì. Wọ́n pín in fún wọn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, Hirabayashi ní kí wọ́n dìde.

Ṣé ẹ rí i pé ayé Tokie fẹ́ bàjẹ́. Ìwé tí wọ́n rán pọ̀ ṣì ṣeé dì mọ́ àyà, àmọ́ ìwé méjì tó dá dúró, fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, tí kò rí kà rí? Ó lọ síwájú máìkì kejì. Iná pupa tàn. Ó gbé ìwé sókè, ìwé sì ń gbọ̀n.

Hirabayashi dá wọn dúró. Ó ní bébà kan ń dún, ta ni?

Tokie ò tíì la ẹnu tí Sayo ti dáhùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ máìkì kẹrin. "Èmi ni, ọ̀gá. Ẹ má bínú."

Wọ́n tún un ṣe. Tokie fi ọwọ́ kejì di ọwọ́ àkọ́kọ́ mú, ìyẹn tún wá burú sí i, torí àwọn méjèèjì ló ń gbọ̀n. Hirabayashi dá wọn dúró. Sayo tún ní òun ni. Lẹ́ẹ̀kẹta, Hirabayashi mí kanlẹ̀ sínú ẹ̀rọ, gbogbo wọn ló gbọ́ ọ. "Sayo, àbí oṣù yìí lo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ni? Ẹ sinmi ìṣẹ́jú mẹ́wàá."

Ọ̀kan nínú àwọn ẹni tuntun ìdí ilẹ̀kùn pa ẹnu rẹ́rìn-ín. Ṣé ẹ mọ̀ pé àṣà ibẹ̀ ni pé ẹni tó bá ba iṣẹ́ jẹ́ gbọ́dọ̀ tọrọ àforíjì lọ́wọ́ gbogbo ilé. Sayo bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ ìlà, ó ń tẹrí ba fún wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó dé ìdí ilẹ̀kùn, tó tẹ gíga rẹ̀ wálẹ̀ níwájú ọmọ ogún ọdún tó ń rẹ́rìn-ín yẹn, ara Tokie ò gbà á mọ́. Ó mọ̀ pé bí òun bá dákẹ́, ọ̀kẹ́rẹ́ ṣì lè jẹ́ tòun títí di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Ó tún mọ̀ pé òun ò ní lè kí bèbí orí pẹpẹ yẹn lárọ̀ọ́la.

Ó ní, "Ìwé mi ni. Sayo, dìde ńlẹ̀. Ọwọ́ mi ló ń gbọ̀n, ó ti pé oṣù mẹ́rin, mo sì fi pa mọ́ fún gbogbo yín." Ó yíjú sí gíláàsì. "Ọ̀gá Hirabayashi, ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni ilé yìí fi gbà mí láàyè. Bó bá jẹ́ òní ló parí, mo dúpẹ́. Ẹ má ṣáà di ẹ̀bi mi ru ọmọ ọlọ́mọ."

Ilẹ̀kùn yàrá onígíláàsì ṣí, Hirabayashi jáde wá sáàárín wọn, ohun tí kò ṣe rí. Ó dúró síwájú Tokie, ó ń fi ọwọ́ ra orí.

"Màmá," ó ní, "máìkì mẹ́rin, okùn mẹ́rin, ọ̀kọ̀ọ̀kan ló ń dá gba ohùn tirẹ̀ wọlé. Inú máìkì kejì ni bébà ti ń dún. Gbogbo àwa tá a wà lẹ́yìn gíláàsì la mọ̀, láti ọjọ́ kìíní, bẹ́ ẹ tiẹ̀ dì í mọ́ àyà. Ní gbogbo ọ̀sẹ̀ la jókòó tá à ń bá yín yọ ìró bébà kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan. Tòní ló pọ̀ jù fún wa. Sayo ní tòun ni, kí ni kí n wá sọ? Ẹnu mi ò gbà á láti sọ fún yín."

Tokie wo Sayo, Sayo wolẹ̀. Okùn mẹ́rin! Ta ni ò mọ̀ níbẹ̀? Ẹ̀rù máa ń mú kéèyàn gbàgbé ọ̀nà ilé ara rẹ̀. Oṣù mẹ́rin gbáko ló rò pé òun ń sá pa mọ́, àṣé àwọn ló ń gbé òun pa mọ́. Omi bọ́ lójú rẹ̀, kò sì nù ún.

Hirabayashi ní àwọn lè gba tirẹ̀ sílẹ̀ lọ́tọ̀, kó jókòó ti tábìlì, kí wọ́n tẹ́ aṣọ sí i. Tokie ti fẹ́ gbà, àmọ́ Sayo ti na ọwọ́ rẹ̀. Ní ìdí iṣẹ́ yẹn, èèyàn kì í fọwọ́ kan ìwé ẹlòmíì, bí búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín ni. Sayo gba ìwé méjèèjì kúrò lọ́wọ́ rẹ̀, ó gbé e síwájú ojú Tokie gan-an.

"Ojú ni kẹ́ ẹ fi kà á, Màmá. Ẹ fi ti ọwọ́ sílẹ̀."

Hirabayashi béèrè pé nígbà tó bá kan kannakánná ńkọ́. Sayo ní inú máìkì kan náà ni òun máa sọ ọ́ sí. Máìkì ọ̀hún sì rèé, ìwọ̀n ìyá kúkúrú ni wọ́n gbé e sí. Sayo tẹ orúnkún méjèèjì wálẹ̀ bí ẹni tó fẹ́ lóṣòó, ìwé Tokie lọ́wọ́ ọ̀tún, tirẹ̀ lọ́wọ́ òsì. Àwọn èèyàn fẹ́ rẹ́rìn-ín, ọ̀wọ̀ ò jẹ́.

Tokie bi í wúyẹ́wúyẹ́ pé kí ló dé tó ń ṣe gbogbo èyí.

"Ọdún méjìlélógún sẹ́yìn, ìdí ilẹ̀kùn yẹn ni mo jókòó sí. Mi ò rí nǹkan jẹ láti àná rẹ̀. Ikùn mi kùn nígbà tí ẹ ń sunkún lọ́wọ́ nínú eré. Ọ̀gá ìgbà yẹn béèrè pé ta ni, ẹ gbé ọwọ́ sókè, ẹ ní tiyín ni. Ẹ wá fún mi ní ìrẹsì tó ní èso kíkan nínú."

"Mi ò rántí," ni Tokie wí. Òótọ́ ló sọ, kò rántí rárá.

"Èmi rántí."

Iná pupa tàn. Mugimaru ka lẹ́tà fún ìjàpá. Ó kà á tìgbéraga-tìgbéraga bí ọmọdé tó ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀wé kà, ó kọsẹ̀ níbi tó yẹ kó kọsẹ̀, ó rẹ́rìn-ín, ó sì dágbére fún baba láìsunkún, torí ọmọ yẹn kì í sunkún lójú èèyàn. Orúnkún Sayo ń gbọ̀n lábẹ́ rẹ̀, àmọ́ ìwé dúró digbí. Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ ìkẹyìn, kí gbogbo wọn dákẹ́ fún ìṣẹ́jú-àáyá márùn-ún ló kù.

Nínú ìdákẹ́jẹ́ yẹn ni ikùn kan ti kùn, gbọnrangandan, ó gùn.

Ọ̀dọ̀ Sayo ni. Àṣé ìrẹsì kan ṣoṣo ló mú wá láti ilé, kò sì fẹnu kan nǹkan kan láti àárọ̀.

Hirabayashi ti padà sẹ́yìn gíláàsì. "Ta ni?" ló béèrè, ohùn rẹ̀ sì ti ń rẹ́rìn-ín.

Tokie gbé ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ sókè, ó nà án gbọnrangan lókè orí, níbi tí gbogbo ilé ti lè rí i bó ṣe ń gbọ̀n. Kò fi ọwọ́ kejì dì í mú.

"Èmi ni," ó ní. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká tún un ṣe."