Ìbàdí Bọ́ọ̀lù Irin

Aránṣọ náà kì í bá ọkọ rẹ̀ jà lórí oúnjẹ, kì í bá a jà lórí àna, ṣùgbọ́n láàárọ̀ ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ kó ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ lọ sí òpópónà kejì, bọ́ọ̀lù irin kan tí kò tóbi ju ọsàn wẹ́wẹ́ lọ fẹ́ dá ogun sílẹ̀ láàárín wọn.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin ló yá wọn ní kẹ̀kẹ́ ẹrù, irú èyí tí wọ́n ń so mọ́ ìdí ọkọ̀. Ẹnu kẹ̀kẹ́ náà jinnú bí abọ́ tí a dojú rẹ̀ dé. Orí bọ́ọ̀lù irin tó yọ lẹ́yìn ọkọ̀ wọn ló yẹ kó jókòó lé. Ọkọ rẹ̀, onígbàjámọ̀ tí gbogbo àdúgbò ń pè ní Kò-Séwu, gbé e ka bọ́ọ̀lù, ó tẹ ìkọ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó dún kàù.

"Ó ti dè! Ẹ máa kó ẹrù bọ̀."

Aránṣọ di ẹnu kẹ̀kẹ́ mú, ó mì í. Ó ń mì bí ẹsẹ̀ ọmọdé nínú bàtà bàbá rẹ̀. Ó fà á sókè, ó sì yọ.

"Olówó orí mi, ṣé èyí lẹ ní ó ti dè?"

"Kò séwu. Fún mi ní àkísà kan, kí n fi wé bọ́ọ̀lù lórí."

"Tí aṣọ bá tóbi ju oníbàárà mi lọ, ṣé àkísà ni mo máa ń kì bọ̀ ọ́ lábíyá?"

Kò-Séwu rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ìyàwó rẹ̀ kò rín. Maṣíìnì onírin tí ìyá rẹ̀ fi kọ́ ọ níṣẹ́, tó sì fi lé e lọ́wọ́ kó tó kú, ni wọ́n fẹ́ gbé sórí kẹ̀kẹ́ yìí. Irú rẹ̀ kò sí lọ́jà mọ́. Bí kẹ̀kẹ́ bá já lórí gegele, ó tán nìyẹn. Bẹ́ẹ̀ ni ayálégbé tuntun ti dúró sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù tòun ti ọ̀dà àti búrọ́ọ̀ṣì, ó ń wò wọ́n bí ẹni ń wo ìkòkò tí kò tètè hó.

Ló bá fa téèpù yọ lọ́rùn. Kí ni aránṣọ mọ̀ ju ìwọ̀n lọ? Ó yí i ká bọ́ọ̀lù: ínṣì mẹ́fà ó dín díẹ̀. Ó bu díẹ̀ kún un, bó ti máa ń ṣe fún ẹni tó bá ń sanra, ó sì forí lé ọ̀dọ̀ onípáàtì tó ń ta ẹ̀yà ara ọkọ̀ ní ìkángun òpópónà.

"Ẹ bá mi wá bọ́ọ̀lù ìdí ọkọ̀, oní-ínṣì mẹ́fà ààbọ̀."

Onípáàtì wò ó látòkè délẹ̀. "Àǹtí, ilé lẹ fẹ́ so mọ́ ọkọ̀ ni?"

"Ọwọ́ ara mi ni mo fi wọ̀n ọ́n!"

"Báwo lẹ ṣe wọ̀n ọ́n?"

Ó fi téèpù yí ìkúùkù ara rẹ̀ ká. Onípáàtì bú sẹ́rìn-ín, ó di tábìlì mú kó má baà ṣubú.

"Ẹ̀yin aránṣọ! Bọ́ọ̀lù kì í wọ síkẹ́ẹ̀tì o, ẹ má wọn ìbàdí rẹ̀. Láti ẹ̀gbẹ́ kan sí ìkejì la ń wọ̀n ọ́n, níbi tó ti fẹ̀ jù. Ẹ lọ ha ìpẹtà tó bá wà lórí ẹnu kẹ̀kẹ́ yín, ìwọ̀n bọ́ọ̀lù tó ń gbà wà níbẹ̀."

Ojú ti aránṣọ díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ló gbé e pa dà dé ṣọ́ọ̀bù. Kò-Séwu mú abẹ àtijọ́ kan, ó fá ìpẹtà náà bí ẹni ń fá irùngbọ̀n ìjòyè. Ínṣì méjì gbáko ló wà níbẹ̀. Wọ́n wo orí bọ́ọ̀lù tiwọn: ó dín díẹ̀ sí méjì.

"Díẹ̀ péré!" Kò-Séwu ní.

"Inú díẹ̀ péré yẹn ni maṣíìnì ìyá mi á gbà já bọ́."

Ó pa dà lọ ra oní-ínṣì méjì, ó sì rí i pé ìwọ̀n ẹrù tí wọ́n kọ sórí rẹ̀ pé ó lè fà ju ẹrù wọn lọ. Kò-Séwu fi sípánà dè é le, ó fi gíríìsì ra á lórí. Nígbà tí ìkọ́ dé ẹnu kẹ̀kẹ́ mọ́ ọn, aránṣọ ní kó fi jáàkì gbé ọrùn kẹ̀kẹ́ sókè láti fi dán an wò. Ìdí ọkọ̀ bá a dìde bí ọmọ tó rọ̀ mọ́ ìyá rẹ̀. Nígbà náà ló tó jẹ́ kí wọ́n gbé maṣíìnì náà jáde.

Òpópónà tí wọ́n ń fi sílẹ̀ kò gùn. Àwọn ilé rẹ̀ sún mọ́ra tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tó bá sín níhìn-ín á gbọ́ "pẹ̀lẹ́" lọ́hùn-ún. Irú ibi tí ojú máa ń pòùngbẹ láti tún rí. Ẹ̀yìn ni aránṣọ kọjú sí látìgbà tí wọ́n gbéra, ṣùgbọ́n kẹ̀kẹ́ ló ń wò. Wọ́n kan gegele. Kẹ̀kẹ́ fò, ó balẹ̀ gbì, ó sì ń bọ̀ lẹ́yìn wọn.

Bí wọ́n ti gbé maṣíìnì sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, aránṣọ kò dúró yẹ̀ ẹ́ wò. Ó fi òwú sí i, ó jókòó, ó tẹ̀ ẹ́. Abẹ́rẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í sáré lórí ìrépé aṣọ kan. Níta, ọkọ rẹ̀ ń pariwo pé tábìlì ìgéṣọ ń dúró de ẹni tó máa bá òun gbé ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kejì. Aránṣọ kò gbọ́.