Bọ́tìnnì Mẹ́rin, Síìpù Mẹ́ta

Ìṣirò àti Ìyá Aránṣọ kì í kí ara wọn. Láti kékeré ni wọ́n ti ń wo ara wọn lọ́ọ̀ọ́kán bí orogún méjì. Ẹni tó ń wá awò ojú rẹ̀ káàkiri ilé nígbà tó wà lórí rẹ̀, kí lẹ fẹ́ kó fi ìṣirò ṣe? Síbẹ̀, ní ìrọ̀lẹ́ yìí, ó fa àpótí, ó jókòó. Àpótí ké, nítorí ìdí ìyá kì í ṣe ìdí kékeré. Ó ní kí ọmọ-ọmọ òun ka ìṣirò náà sókè.

Ọmọ náà, ọmọbìnrin ọdún mẹ́tàlá, kò tilẹ̀ wo bébà tó kọ ọ́ sí. "Obìnrin kan ra bọ́tìnnì mẹ́rin àti síìpù mẹ́ta, ó san ẹyọ owó mẹ́rìndínlógójì. Obìnrin mìíràn ra bọ́tìnnì mẹ́jọ àti síìpù mẹ́fà, ó san méjìléláàádọ́rin. Èló ni bọ́tìnnì kan? Èló ni síìpù kan?"

Ìyá ọmọ yìí ló gbé ìṣirò náà fún un lórí ibùsùn àìsàn, ní ọ̀sẹ̀ tó lò kẹ́yìn láyé. Tíṣà ni, ọmọ bíbí inú Ìyá Aránṣọ. Nígbà tí ara rẹ̀ ṣì le, ìrọ̀lẹ́ kan kì í lọ kó má wo ohun tó wà lórí tábìlì ìránṣọ, kó sì sọ ọ́ di ìṣirò fún ọmọ. Bí ọmọ bá ti dáhùn, Ìyá Aránṣọ á pariwo láti ìdí ẹ̀rọ pé, "Ó ti wọ́n jù. Ẹ dín in." Tíṣà á rẹ́rìn-ín títí omi á fi bọ́ lójú rẹ̀.

Oṣù kejì rèé tí wọ́n ti sin ín. Ọmọ kò sunkún, bẹ́ẹ̀ ni kò fọwọ́ kan iṣẹ́ tí wọ́n ń fún un níléèwé. Ó ní òun gbọ́dọ̀ parí ti Mọ́mì ná. Olùkọ́ rẹ̀ wo ìṣirò náà, ó fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ fún un pé kò ní ìdáhùn kan pàtó. Ọmọ ní irọ́ ni. Ìdánwò sì ń bọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, bí kò bá yege, kíláàsì kan náà ló ń padà sí.

"Ìyá mi," ni Ìyá Aránṣọ wí fún un, "bí bọ́tìnnì bá jẹ́ mẹ́ta, tí síìpù jẹ́ mẹ́jọ, ṣé kò ṣe rẹ́gí ni?"

"Ó ṣe rẹ́gí, Màmá. Bí bọ́tìnnì bá sì jẹ́ mẹ́fà, tí síìpù jẹ́ mẹ́rin, ó ṣe rẹ́gí náà. Ìdáhùn kan ṣoṣo ló yẹ kó wà."

"Orí mi ti ń gbóná. Kó wọn wá ká fojú rí wọn. Ọwọ́ mi gbọ́n ju orí mi lọ."

Wọ́n da agolo bọ́tìnnì sórí tábìlì, wọ́n fa síìpù yọ láti inú àpò. Wọ́n to ọjà obìnrin kìíní sápá òsì, wọ́n to ti ẹnì kejì sápá ọ̀tún.

"Báwo ni Mọ́mì rẹ ṣe kọ́ ọ?"

"Ó ní kí n máa yọ ọjà ẹnì kìíní kúrò nínú ti ẹnì kejì títí irú ọjà kan á fi tán. Ohun tó bá kù ló máa sọ iye ara rẹ̀."

Ìyá Aránṣọ ṣa bọ́tìnnì mẹ́rin àti síìpù mẹ́ta kúrò lápá ọ̀tún. Ó tún ṣa mẹ́rin, ó tún ṣa mẹ́ta. Bọ́tìnnì tán. Síìpù náà tán. Pákó tábìlì lásán ló kù.

Ó tẹjú mọ́ pákó náà. "Kò sí obìnrin kejì níbí," ló wí. "Obìnrin kìíní ló padà lọ sọ́jà."

"Mọ́mì kì í ṣe àṣìṣe."

"Mo mọ̀."

Ẹ̀fẹ̀ kan ti wà lẹ́nu rẹ̀, ó gbé e mì. Ó rántí ọjọ́ náà. Òun ń fi òróró pa ẹsẹ̀ ọmọ òun, ẹsẹ̀ tó ti rù bíi pẹ́ńsù, ọmọ-ọmọ òun sì ń kọ ìṣirò sílẹ̀ létí ibùsùn. Tíṣà sọ ti obìnrin kìíní tán, ó dákẹ́. Ó dákẹ́ pẹ́. Lẹ́yìn náà ló lajú, tó sọ ti ẹnì kejì.

"Ṣé o rántí pé ó dákẹ́ láàárín?"

"Mo rò pé ó ń ronú ni."

"Oorun ló gbé e lọ, ọkọ mi. Nígbà tó jí, ti àkọ́kọ́ ló ṣì wà lẹ́nu rẹ̀, ló bá sọ ọ́ ní ìlọ́po méjì. Ó ti rẹ̀ ẹ́ ju bó ṣe jẹ́ ká mọ̀ lọ."

Ọmọ wo pákó. "Nígbà yẹn, ó ti ń lọ?"

"Ó ti ń lọ. Síbẹ̀, ìwọ ló ń fún níṣẹ́."

Ọmọ náà gbé orí lé pákó láàárín àwọn bọ́tìnnì, ó sì sun ẹkún tó ti há sí i láyà láti ọjọ́ ìsìnkú. Ìyá Aránṣọ sún àpótí mọ́ ọn. Ó ń fọwọ́ pa á lẹ́yìn, ó ń sunkún tirẹ̀, ikun imú rẹ̀ ń kán sórí aṣọ oníbàárà, kò bìkítà.

Nígbà tó yá, ọmọ nu ojú. Kò kọ ìdáhùn kankan sábẹ́ ìṣirò Mọ́mì. Ó ká bébà náà sínú agolo bọ́tìnnì, ó dé e. Ó wá ṣí ìwé iléèwé. Ìṣirò ti àwo àti ife ló kàn. Ó kọ, ó pa á rẹ́, ó tún kọ.

"Èló ni ife kan?" ni Ìyá Aránṣọ béèrè.

"Mẹ́sàn-án."

"Ó ti wọ́n jù. Ẹ dín in."

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Àwọn méjèèjì fetí sí ibi tí ẹ̀rín Tíṣà ti máa ń wá.

"Iye jálẹ̀ nìyẹn, Màmá," ni ọmọ wí níkẹyìn, ó sì bọ́ sórí ìṣirò tó kàn.