Ọwọ́ Tí N Kò Nà sí Bọ̀ọ̀dá Oyèlẹ́yẹ

Mo lá àlá kan mọ́júmọ́ òní, ẹ̀yin ará ẹgbẹ́ ṣẹ́ẹ̀sì. Ẹ má tíì to ọpọ́n yín, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ tán ná. Ẹ má sì rẹ́rìn-ín o. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín, kó lọ rín in níta.

Ẹ ṣáà mọ Bọ̀ọ̀dá Oyèlẹ́yẹ, ẹ̀gbọ́n mi tó kọ́ gbogbo wa ní ṣẹ́ẹ̀sì. Oyè ọ̀gá àgbà, èyí tí òyìnbó ń pè ní gíráńmásítà, ẹ̀ẹ̀mẹta ni èèyàn gbọ́dọ̀ ta yọ níbi ìdíje ńlá kí wọ́n tó fi jẹ ẹ́. Ẹ̀ẹ̀mejì ni Bọ̀ọ̀dá rí ṣe. Ikú ò jẹ́ kó ṣe ẹ̀kẹta. Èmi àtiẹ̀ la jọ ń ta lọ́wọ́ ní pálọ̀ mi lọ́jọ́ tí wọ́n gbé e lọ sílé ìwòsàn. Òun ló kàn. Ó ní, "Kọ́lápọ̀, má fọwọ́ kan nǹkan kan o, mò ń bọ̀." Ọpọ́n náà ò kúrò lórí tábìlì títí dòní.

Lójú àlá, mò ń lọ gba bàtà mi lọ́dọ̀ aránbàtà ní Tákìé, ni mo bá rí ọ́fíìsì kan tó léfòó lókè àwọn òrùlé páànù. Kò ní òpó, kò ní àtẹ̀gùn. Ìyẹn ò yà mí lẹ́nu. Ohun tó kàn bí mi nínú ni pé wọ́n sá ṣòkòtò sí ojú fèrèsé ọ́fíìsì ìjọba. Ẹṣin ṣẹ́ẹ̀sì kan tí wọ́n fi igi gbẹ́, tó ga tó màlúù, fara ti ògiri nísàlẹ̀.

Ó ní, "Ṣé òkè lẹ ń lọ?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

"Ẹ gùn mí. Àmọ́ mi ò lè lọ tààrà o. Méjì síwájú, ọ̀kan sẹ́gbẹ̀ẹ́, bí wọ́n ṣe kọ́ mi nìyẹn."

Bá a ṣe ń lọ nìyẹn o, tí à ń gba orí mọ́ṣáláṣí kan náà kọjá léraléra, títí lémọ́ọ̀mù fi bẹ̀rẹ̀ sí í kí wa kú ìrìn. Nígbà tó yá, a gba ojú fèrèsé wọlé, èmi àti àwọn ṣòkòtò náà sì ń ti ara wa.

Àwọn ọ̀gá àgbà ayé ló kún inú gbọ̀ngàn náà, wọ́n jókòó lórí bẹ́ǹṣì bí ẹni tó ń dúró de dókítà. Ọ̀kan nínú wọn ti di ojú ta ṣẹ́ẹ̀sì pẹ̀lú ogójì èèyàn lẹ́ẹ̀kan náà, ó sì na gbogbo wọn. Ní báyìí, kò mọ bí wọ́n ṣe ń la ojú mọ́. Ẹlòmíì joyè nígbà tó wà lọ́mọdé. Irùngbọ̀n ẹ̀ ti funfun báláú, ó ń bi mí bóyá wọ́n á jẹ́ kóun jáde lọ ṣeré. Àgbàlagbà kan tó ti fi ìgbà kan jẹ́ ọba ṣẹ́ẹ̀sì gbogbo ayé gbá ife ẹ̀yẹ wúrà mọ́ àyà. Ife náà ló ń sọ̀rọ̀.

"Ẹ bá mi bẹ baba yìí kó gbé mi sílẹ̀. Òùngbẹ ń gbẹ mí. Látọjọ́ tó ti gbà mí, kò sẹ́ni tó bu nǹkan sínú mi rí."

Mo ní kó pẹ̀lẹ́. Kí ni kí n tún sọ?

Akọ̀wé oyè jáde sí mi, ọ̀gbẹ́ni kan tó de táì pupa. Ó gbé fìlà oyè kan dání, orúkọ Bọ̀ọ̀dá ni wọ́n kọ sí i. Ó ní, "Òkú lè joyè níbí. Àmọ́ ẹni tó bá ní ayò tí kò tíì parí nílé ò lè jẹ ẹ́."

Ó ṣí ilẹ̀kùn kan. Pálọ̀ mi ló wà níbẹ̀, pẹ̀lú fáànù mi tó ti bàjẹ́. Bọ̀ọ̀dá jókòó sí ààyè rẹ̀, aago ẹ̀gbẹ́ ọpọ́n sì ń ké, àkókò rẹ̀ ló ń lọ.

Mo ní, "Bọ̀ọ̀dá, ẹ gbé ọ̀kan, ẹ̀yin ló kàn."

Ó nawọ́ sí ayaba rẹ̀. Ọwọ́ náà gba inú igi kọjá bí èéfín. "Látìgbà tí mo ti kú," ó ní, "ọwọ́ mi ò mú nǹkan mọ́."

Ọkàn mi bàjẹ́. Mo ní kí n bá a gbé e. Akọ̀wé figbe ta: "Èèwọ̀! Onítọ̀hún ló ń gbé tiẹ̀." Bó ṣe ń pariwo ni etí rẹ̀ ń gùn. Ó ti ki ìdí táì rẹ̀ bọ ẹnu, ó ń jẹ ẹ́. "Ohun kan ló kù. Ìwọ gbà fún un pé òun ló borí. Na ọwọ́ sí i kẹ́ ẹ bọ ara yín lọ́wọ́, ayò parí, ó joyè."

Inú mi kọ́kọ́ dùn. Lẹ́yìn náà ni ọwọ́ ọ̀tún mi kọ̀. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó, ẹ̀yin èèyàn mi, àbúrò wo ló ń kọ́kọ́ nawọ́ sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀? Ní gbogbo ọjọ́ ayé wa, Bọ̀ọ̀dá ló ń kọ́kọ́ na tiẹ̀ tí mo bá fìdí rẹmi, èmi á sì tẹ̀ ba, màá fi ọwọ́ méjèèjì gbà á.

Mo ní, "Bọ̀ọ̀dá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ na tiyín ná."

"Bí mo bá na tèmi, èmi ni mo gbà fún ọ nìyẹn. Na ọwọ́, Kọ́lápọ̀."

"Àrífín ni, Bọ̀ọ̀dá."

"Mo ti forí jì ọ́. Nà án! Àkókò ń lọ."

Áà, ẹ̀yin èèyàn! Ọwọ́ yìí, ọwọ́ tí mo fi ń jẹun, kò gbéra. Mo wá ṣe ohun tí màmá wa kọ́ mi. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja, àyà mi kanlẹ̀. Mo ní, "Mo gbà fún yín, Bọ̀ọ̀dá! Ẹ̀yin lẹ borí!"

Mo gbọ́ tí aago dákẹ́. Nígbà tí mo gbójú sókè, akọ̀wé ti di òbúkọ tán, táì ṣì wà lọ́rùn ẹ̀.

Ó ní, "Ìdọ̀bálẹ̀ ò sí nínú òfin. Àkókò ẹ̀gbọ́n ẹ ti tán. Ìwọ lo borí." Ó bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ fìlà oyè náà, ibi tí orúkọ wà ló ti bẹ̀rẹ̀.

Bọ̀ọ̀dá ò bínú. Ohun tó ń dùn mí nìyẹn. Ó wò mí nílẹ̀, ó ní, "Dìde. O kí mi dáadáa. Inú Màámi á dùn." Nígbà tí mo máa fi dìde, àga ti ṣófo.

Mosúnmọ́lá ìyàwó mi ló ń gbá mi lẹ́yìn. Mo ti já bọ́ lórí bẹ́ẹ̀dì, mo dojú bolẹ̀. Ó ní, "Bàbá Adùkẹ́, ta lẹ ń kí nílẹ̀ẹ́lẹ̀?" Ewúrẹ́ ará ilé kejì ń ké lẹ́yìnkùlé.

Mo dìde nílẹ̀. Mo lọ sí pálọ̀, mo jókòó sí ààyè mi nídìí ọpọ́n. Gbogbo ọmọ ayò wà bí Bọ̀ọ̀dá ṣe fi wọ́n sílẹ̀, eruku ti bò wọ́n. Mo na ọwọ́ ọ̀tún mi sí àga tó kọjú sí mi. Lọ́tẹ̀ yìí, ó nà. Mo nà án síbẹ̀, mi ò ká a kò.

Mosúnmọ́lá jáde láti ilé ìdáná. Ó rò pé tíì ni mò ń béèrè, ó gbé ife lé mi lọ́wọ́.

Ó ní, "Ẹ rọra o, ó gbóná."

Ó gbóná lóòótọ́. Mo dì í mú bẹ́ẹ̀ títí ó fi tutù.