Igi Onígun-mẹ́ta

Igi onígun-mẹ́ta tí Ọ̀gá Àgbà ilé ìwé fi ń fa ìlà lójú pátákó, Christopher ló fọ́ ọ lọ́dún 1948, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn Fàsásì ni pàṣán bà lé. Christopher nàka sí i, Ọ̀gá sì gbà á gbọ́. Wọ́n lé Fàsásì síta, wọ́n ní bó bá ti jẹ́wọ́, kó padà sí kíláàsì. Ọmọ ọdún méjìlá náà ní òun kò ní jẹ́wọ́ ohun tí òun kò ṣe. Kíláàsì ìwé márùn-ún ló wà nígbà náà, ibẹ̀ náà ni ẹ̀kọ́ rẹ̀ sì parí sí. Ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé. Ọdún méjìlélọ́gbọ̀n ni àwọn méjèèjì ti jọ ń gbé Ọ̀wọ̀, Fàsásì kò kí Christopher rí. Ó di káfíńtà tó ń kan òrùlé. Christopher di tíṣà ìṣirò.

Ní ọ̀sán Sátidé yìí, Kúbúrá ọmọ Fàsásì jókòó sórí pákó nínú ṣọ́ọ̀bù bàbá rẹ̀, ó ń sunkún sórí ìwé. Ó ti féèlì ìṣirò nínú ìdánwò wáẹ́ẹ̀kì lọ́dún tó kọjá. Ọjọ́ Ajé ni yóò tún un ṣe, bí kò bá sì yege, ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì kò ní gbà á.

"Kí ni wọ́n bi ọ́ gan-an?" Fàsásì bi í.

"Wọ́n ní sáìnì igun kan jẹ́ mẹ́ta nínú márùn-ún, kí n wá kọ́sáìnì rẹ̀. Sáìnì àti kọ́sáìnì, bí a bá rò wọ́n pọ̀, ẹyọ kan ni wọ́n ń jẹ́. Mo yọ mẹ́ta nínú márùn-ún kúrò, ó ku méjì nínú márùn-ún. Ìdáhùn ẹ̀yìn ìwé ní irọ́ ni."

"Kí ni wọ́n ń pè ní sáìnì?"

Kúbúrá nu ojú. "Ẹ wo òrùlé yín, Bàbá. Ká ní igi tó dagẹ̀rẹ̀ jẹ́ márùn-ún. Èyí tó nàró ni mẹ́ta. Kọ́sáìnì ló ń wá èyí tó sùn sílẹ̀."

Fàsásì bú sẹ́rìn-ín. Ó ṣa àgékù igi: ọ̀kan ẹsẹ̀ bàtà márùn-ún, ọ̀kan ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta, ó sì gé ọ̀kan sí ẹsẹ̀ bàtà méjì. Ó tò wọ́n sílẹ̀. Mẹ́ta àti méjì sùn gbalaja lé márùn-ún lórí, kò sí igun kankan níbẹ̀.

"O rí i? Òrùlé rẹ ti wó kí á tó kan ìṣó." Ó yọ méjì, ó fi mẹ́rin rọ́pò rẹ̀. Igi ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta nàró ṣánṣán. "Mẹ́rin ni. Mẹ́ta, mẹ́rin, márùn-ún ni ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ ní kí n fi máa mọ̀ bóyá igun ilé gún."

"Mẹ́rin nínú márùn-ún ni ẹ̀yìn ìwé wí lóòótọ́!" Ojú Kúbúrá là, ó tún ṣú. "Ṣùgbọ́n wọ́n á ní kí n fi ọ̀nà hàn, Bàbá. Mi ò lè ru igi wọ ibi ìdánwò. Bí wọ́n bá sì sọ pé méjì nínú mẹ́ta ńkọ́?"

Fàsásì gba ìwé náà. Ó yí i sọ́tùn-ún, ó yí i sósì. Àwọn àmì inú rẹ̀ dà bí ipa ẹsẹ̀ adìẹ nínú eruku. Ó wo àwọn igi nílẹ̀, àwọn náà kò sọ nǹkan kan mọ́.

"Ta ló mọ̀ ọ́n kọ́ nílùú yìí?"

Kúbúrá bojú wolẹ̀. "Ẹ mọ ẹni náà, Bàbá."

Fàsásì sìn ín dé ilé Christopher ní àdúgbò Ìlórò, ṣùgbọ́n kò gun ọ̀dẹ̀dẹ̀ rẹ̀. Inú oòrùn ló dúró sí.

"Fàsásì, bọ́ sábẹ́ òrùlé."

"Ibi tí mo wà tó mi, Tíṣà. Èmi kọ́ ló fẹ́ kọ́ ìwé."

Christopher wo iṣẹ́ tí Kúbúrá ṣe, ó mú ẹfun ìkọ̀wé, ó kọjú sí pátákó kékeré tó wà lára ògiri. "Ọmọ mi, o kò tíì gbọdọ̀ rò wọ́n pọ̀. Kọ́kọ́ fi ọ̀kọ̀ọ̀kan sọ ara rẹ̀ di púpọ̀. Ìgbà náà ni wọ́n ń jẹ́ ẹyọ kan."

Kúbúrá kọ ọ́ díẹ̀díẹ̀. "Mẹ́sàn-án nínú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Mo yọ ọ́ kúrò nínú ẹyọ kan, ó ku mẹ́rìndínlógún nínú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n. Gbòǹgbò rẹ̀..." Ó pariwo. "Mẹ́rin nínú márùn-ún! Bí Bàbá ṣe wí gẹ́lẹ́! Igi ni wọ́n fi ṣe é, sà. Wọ́n ní òrùlé tèmi ti wó kí á tó kan ìṣó."

Christopher wo Fàsásì pẹ́. "Orí ìṣirò rèé," ó ní jẹ́jẹ́.

"Àbí ẹ ò rí nǹkan!" Kúbúrá yíjú sí bàbá rẹ̀. "Kí ló dé tí ẹ kò fi ka ìwé yín tán, Bàbá?"

Ọ̀rọ̀ tí Fàsásì ti fi ọdún méjìlélọ́gbọ̀n tọ́jú gun òkè ọ̀fun. Ó ti sọ ọ́ fún ìyàwó, ó ti sọ ọ́ fún pákó. Ṣùgbọ́n ojú ewé mẹ́fà ìbéèrè ṣì kù níwájú ọmọ rẹ̀, ọ̀tunla ni ọjọ́ Ajé, ẹnu ọkùnrin yìí nìkan ni ìdáhùn wà. Ó gbé ọ̀rọ̀ náà mì.

"Ó kàn sú mi ni," ó ní. Òógùn ń ṣàn wọ̀ ọ́ lójú.

Christopher fi ẹfun sílẹ̀. Ó sọ̀ kalẹ̀ láti ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó wá dúró ti Fàsásì nínú oòrùn.

"Irọ́ ló ń pa fún ọ, Kúbúrá. Ìwé kò sú u. Igi onígun-mẹ́ta Ọ̀gá wa, èmi ni mo fọ́ ọ. Ẹ̀rù pàṣán bà mí, mo sì nàka sí bàbá rẹ."