Ẹja Tí Kò Gbọdọ̀ Pa Fíríìjì

Bàbá wa lè bá ẹnikẹ́ni jà, àmọ́ kò ní jẹ́ kí ìyà jẹ fíríìjì. Iṣẹ́ rẹ̀ ni. Kó tó fẹ̀yìn tì, òun ni gbogbo àdúgbò máa ń pè tí fíríìjì bá ń kùn láìtutù. Tó bá wọlé ẹni, kò ní kí onílé tán tó fi máa gbé etí lé ara ẹ̀rọ náà bí ẹni tí wọ́n ń sọ àṣírí fún. Lẹ́yìn náà, á nàró, á bi wọ́n pé ta ló gbé ìkòkò gbígbóná sínú rẹ̀. Kò sí ìgbà tí ẹnì kan kì í jẹ́wọ́.

Láti ìgbà tí Màmá ti kú ló ti ń dá gbé, tó sì ń dáná fúnra rẹ̀. Ká má parọ́, ó mọ oúnjẹ sè. Ẹja ló fẹ́ràn jù. Á ra èyí tó tóbi, torí irú èyí tí Màmá máa ń rà nìyẹn, kò sì tíì kọ́ bí wọ́n ṣe ń ra oúnjẹ ẹnì kan ṣoṣo. Á gé e, á fi àlùbọ́sà àti ata díẹ̀ sè é, á jẹ ìwọ̀n tí inú rẹ̀ gbà, ìyókù á di ti ọ̀la àti ti ọ̀túnla.

Ibẹ̀ ni wàhálà ti wọlé. Láàárín oṣù kan, ẹ̀ẹ̀mejì ni inú run Bàbá débi pé aránṣọ tó ń gbé lókè ilé rẹ̀ ní láti gbé e lọ sílé ìwòsàn. Dókítà ní oúnjẹ ló bá a jà. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin gbọ́ ti ẹlẹ́ẹ̀kejì, ó ní ọ̀rọ̀ ti parí. Alákòóso la máa ń pe ẹ̀gbọ́n mi yìí, torí kò sí ohun tí kì í bá èèyàn ṣètò, tó fi dórí bó ṣe yẹ kéèyàn jókòó sórí àga. Ó ní tó bá di ọjọ́ Àìkú, òun á wá kó Bàbá lọ sílé òun, kí wọ́n sì gba ayálégbé sínú ilé yìí.

Bàbá ò bá a jiyàn. Èmi ló sọ fún lórí fóònù pé tí òun bá kúrò nínú ilé tí òun àti ìyá wa jọ gbé, òun ò mọ ohun tí òun á tún máa torí ẹ̀ jí láàárọ̀. Ó sọ ọ́ bí ẹni ń sọ pé òjò fẹ́ rọ̀. Ó dùn mí dọ́kàn. Ọkọ̀ àwọn ọmọ iléèwé ni mo ń wà, wọ́n sì ti wà nínú ìsinmi, ni mo bá di ẹrù mi lọ́jọ́ Ọjọ́rú, mo ní mo fẹ́ lọ kí Bàbá. Irọ́ ni. Ẹja ni mo lọ ń ṣọ́.

Lálẹ́ ọjọ́ tí mo dé, Bàbá se ẹja, a jẹ, a yó, ó sì ṣẹ́ kù sínú ìkòkò. Mo dìde pé kí n gbé e sínú fíríìjì. Àfi bí Bàbá ṣe lọ dúró síwájú ilẹ̀kùn fíríìjì bí ọlọ́dẹ báńkì. Ó bi mí bóyá mo fẹ́ pa á ni. Ó ní ìkòkò ṣì gbóná, àti pé ìgbà tó bá tutù pátápátá ni òun á gbé e wọlé. Ó fọwọ́ kan ìkòkò náà, ó mi orí, ó lọ jókòó sórí àga rẹ̀ láti dúró dè é. Kò pẹ́ tí mo fi gbọ́ tó ń hanrun. Ìrìn àjò ti tán mi lókun, èmi náà sùn lọ.

Nígbà tí mo jí láàárọ̀, ìkòkò ẹja wà níbi tá a gbé e sí. Bàbá wọlé, ó fọwọ́ kàn án, inú rẹ̀ dùn, ó ní ó ti tutù wàyí. Ó wá fọwọ́ méjèèjì gbé e sínú fíríìjì bí ẹni ń tẹ́ ọmọ tuntun sórí ibùsùn. Mo ti rí ohun tó ń gbé bàbá mi lọ sílé ìwòsàn.

Mo tún bi í bó ṣe máa ń gbé e kaná. Ó ní gbogbo ìkòkò lòun máa ń gbé kaná, òun á mú ẹyọ kan jẹ, òun á sì tún dúró kó tutù kó tó padà sínú fíríìjì. Bẹ́ẹ̀ lá máa ṣe é láàárọ̀ àti lálẹ́, títí ẹja á fi le bí àtẹ́lẹsẹ̀ bàtà. Inú bí mi. Mi ò fi igbá kan bọ̀kan nínú fún un. Mo ní ẹja tí wọ́n ti sè, kò yẹ kó lò ju wákàtí méjì lọ níta, torí àwọn kòkòrò tí ojú ò lè rí kì í sùn ní tiwọn. Ó ní òun gbóòórùn rẹ̀, kò sì rùn. Mo ní oúnjẹ lè bàjẹ́ láìrùn. Ó ní ìkòkò gbígbóná ló ba fíríìjì ìdajì ìlú yìí jẹ́, àti pé owó àtúnṣe wọn lòun fi rán wa níwèé.

Ọ̀rọ̀ yẹn ká mi lára. Mo ní, "Bàbá, ṣé fíríìjì lẹ bí ni àbí èmi?"

Ó ní, "Fíríìjì kì í bá mi jiyàn."

Mo da ẹja náà nù lójú rẹ̀. Kò bá mi sọ̀rọ̀ títí ilẹ̀ ọjọ́ náà fi ṣú, èmi náà ò sì bá a sọ̀rọ̀. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ibi tí mo ti mú orí kunkun mi, kó wá wò wá níbi tá a jókòó sí, tí oníkálùkù wa dojú kọ ògiri tirẹ̀.

Nígbà tó di ọjọ́ Ẹtì, ó tún ra ẹja. Mo mọ̀ pé tí mo bá tún lanu sọ̀rọ̀ kòkòrò, ìjà ló máa dà. Mo bá jẹ́ kó sè é, a jẹun tán, ìyókù wà nínú ìkòkò. Mo wá bi í wẹ́rẹ́ pé báwo ni wọ́n ṣe ń mọ̀ bóyá fíríìjì ń tutù tó. Ojú rẹ̀ tàn. Ó lọ mú irin tẹ́ẹ́rẹ́ kan wá nínú àpótí iṣẹ́ rẹ̀, èyí tí wọ́n fi ń wọn ooru àti òtútù, ó sì ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún mi. Mo ní kó bá mi nu irin náà dáadáa, kó jẹ́ ká dúró díẹ̀, kó wá tì í bọ àárín ìkòkò ẹja.

Nígbà tá a ti dúró fúngbà díẹ̀, ara ìkòkò ti lọ́ wọ́ọ́rọ́, Bàbá sì ti ń sọ pé kò ní pẹ́ tutù mọ́. Ó ti irin bọ̀ ọ́. Àárín ẹja ṣì gbóná débi pé èèyàn lè fi ọbẹ̀ rẹ̀ jó ahọ́n. Ó yọ ọ́, ó nù ún, ó tún tì í bọ ibòmíì. Ó bọ́ awò ojú rẹ̀.

Ó ní, "Ooru yìí ò rọ́nà jáde ni."

Bó ṣe sọ bẹ́ẹ̀, bàbá mi ti padà sẹ́nu iṣẹ́. Ó da ẹja sórí tíréè fífẹ̀, ó tẹ́ wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan kí wọ́n má gun ara wọn, ó gbé fáànù sí wọn lórí. Kò pẹ́ rárá tí irin fi sọ pé ooru ti lọ. Ó pín wọn sínú ike pẹlẹbẹ onídèérí, ìwọ̀n tí èèyàn lè jẹ lẹ́ẹ̀kan nínú ike kọ̀ọ̀kan, ó sì tò wọ́n sínú fíríìjì ní àlàfo kí òtútù lè ráàyè kọjá. Ó ti ilẹ̀kùn, ó gbé etí lé e. Ó ní kò ráhùn. Mo ní kódà ká ní ó ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́ díẹ̀ nígbà tó wọlé, fíríìjì ayé ìsinsìnyí ò ní kú. Ó ní kí n fi ìyẹn sílẹ̀. Mo fi í sílẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, ike kan ṣoṣo ló mú jáde fún oúnjẹ ọ̀sán. Ó da ẹja inú rẹ̀ sínú ìkòkò kékeré, ó wọ́n omi díẹ̀ sí i, ó dé e lórí iná, kò sì sọ̀ ọ́ títí ooru fi ń rú jáde láti àárín rẹ̀. Ó ní ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni òun á máa gbé ẹja kaná láti òní lọ, èyí tá ò bá jẹ tán ti di ti apẹ̀rẹ̀ ìdọ̀tí. Àfi bíi pé òun ló kọ́kọ́ sọ ọ́ láyé. Nígbà tí aránṣọ sọ̀ kalẹ̀ wá yá ìṣáná, Bàbá bi í pé ibo ni ọbẹ̀ àná rẹ̀ wà. Ìyáàfin náà sáré padà sókè láìmú ìṣáná.

Lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú ni Alákòóso dé, pẹ̀lú àpótí aṣọ méjì tó ṣófo àti ike oúnjẹ kan. Ó ní ìyàwó òun ló fi ẹja ránṣẹ́, kí Bàbá má bàa ṣẹ̀ṣẹ̀ máa dáná. Bàbá ti gbé ẹja tiwa kaná, ó bu fún un. Ẹ̀gbọ́n mi bi í pé ẹja ọjọ́ wo nìyí. Bàbá ní ti ọjọ́ Ẹtì ni. Alákòóso yíjú sí mi bí ẹni tó ká olè mọ́.

Bàbá ò bínú. Ó ti irin rẹ̀ bọ ẹja inú àwo, ó fi hàn án pé ó gbóná dé àárín. Lẹ́yìn náà ló fa ike tí ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi fi ránṣẹ́ mọ́ra, ó nu irin, ó tì í bọ inú rẹ̀. Ó bi í pé ìgbà wo ni ẹja yìí kúrò nínú òtútù. Ẹ̀gbọ́n mi ní láàárọ̀ ni. Ó bi í pé ibo ló wà láti àárọ̀. Ó ní ó wà nínú búùtù ọkọ̀, òun kàn yà kí ọ̀rẹ́ òun kan díẹ̀ ni. Bàbá bi í pé báwo ni díẹ̀ náà ṣe pẹ́ tó. Ẹ̀gbọ́n mi wo aago ọwọ́ rẹ̀, ó ní ó tó wákàtí mẹ́ta. Bàbá di ike náà sínú ọ̀rá, ó sọ ọ́ sínú ìdọ̀tí.

Ó wá jókòó. "Nínú àwa méjèèjì, ta ló wá yẹ kó lọ máa gbé lọ́dọ̀ ta?"

Mo rẹ́rìn-ín títí mo fi di tábìlì mú. Ẹ̀gbọ́n mi ò rẹ́rìn-ín. Ó ti àwo oúnjẹ rẹ̀ sẹ́yìn.

Ó ní, "Ẹ̀rù ló ń bà mí, Bàbá. Ibi iṣẹ́ ni mo wà nígbà tí wọ́n pè mí nípa Màmá. Látìgbà náà, tí fóònù bá ti dún, àyà mi á já."

Ẹ̀rín kú mọ́ mi lẹ́nu. Gbogbo ètò tó ń tò kiri yẹn, mo rò pé ìgbéraga ni. Mi ò mọ̀ pé ẹ̀rù ni. Ojú tì mí, mo sì fẹ́ dì mọ́ ọn, àmọ́ a kì í ṣe irú ẹ̀ láàárín ara wa.

Bàbá rọra ti àwo ẹja sún mọ́ ọn. "Má dúró kí wọ́n tó pè ọ́ mọ́. Ìwọ ni kó o máa pè mí, ní gbogbo ìrọ̀lẹ́, kó o máa gbọ́ ohùn mi fúnra rẹ."

Ẹ̀gbọ́n mi jẹ ẹja náà tán. Ó wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ nírọ̀lẹ́ láìdi ẹrù kankan.

Ó ń pè lóòótọ́, kò tíì pa ọjọ́ kan jẹ. Àmọ́ kó tó béèrè àlàáfíà, Bàbá á ti bi í pé kí ni wọ́n jẹ, ibo sì ni ìyókù wà. Tí wọn ò bá tíì gbé e sínú òtútù, á ní òun ń dúró, kò sì ní pa fóònù náà títí yóò fi gbọ́ tí ilẹ̀kùn fíríìjì ilé ọmọ rẹ̀ pa dé.