Rìmù Mẹ́rin fún Ọkọ̀ Kékeré

Bàbá gun orí páìpù náà. Ó fi ọwọ́ kan di òrùlé ọkọ̀ mú, ó gbé gbogbo ara lé ẹsẹ̀ ọ̀tún, ó sì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Páìpù yìí gùn ju apá èèyàn lọ. Ó ti kì í bọ ìdí sípánà kí agbára lè pọ̀ sí i. Nọ́ọ̀tì ké, ó yí díẹ̀, ó dúró. Bàbá sọ̀ kalẹ̀, ó mí, ó gbé sípánà lé nọ́ọ̀tì tó kàn.

"Bàbá, ó ti tó," ni onírìmù wí. Ó jókòó sórí táyà kan lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, ó ká ẹsẹ̀ lé ara wọn. "Ẹ rọra. Ọkọ̀ kékeré ni, kì í ṣe rélùwéè."

"Ta ló sọ fún ẹ pé ó ti tó?"

"Etí mi ni. Mo gbọ́ bó ṣe ké."

"Ó yẹ kó ké. Nọ́ọ̀tì tí kò bá ké, wọn ò tíì dè é."

Ọmọ Bàbá obìnrin rẹ́rìn-ín. Ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀ ló dúró sí, àpò rẹ̀ wà léjìká. Òun ló ni ọkọ̀ náà. Ọkọ̀ àtijọ́ ni, àwọ̀ rẹ̀ ti ṣá, ẹ́ńjìnnì rẹ̀ ṣì dára. Kòtò ojú ọ̀nà kan ló sán rìmù iwájú. Táyà mẹ́ta tó kù náà ti jẹ dé eegun. Táyà sípíà ló gbé wọn dé ṣọ́ọ̀bù.

Agbẹ̀bí ni ọmọ náà. Lọ́jọ́ Ajé ni yóò bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ilé ìwòsàn kan ní ìlú kejì. Ọ̀nà ibẹ̀ jìn, ó gba orí òkè, ojoojúmọ́ ni yóò sì máa lọ tí yóò máa bọ̀. Ohun tí wọ́n bá dè mọ́ ọkọ̀ náà lónìí ni yóò gbé e lọ. Bí kò bá dára, òkè yẹn ló máa sọ.

Òun fúnra rẹ̀ ló ní kí Bàbá wá bá òun yan rìmù.

Lọ́rì ni Bàbá ti ń wà láti ìgbà èwe rẹ̀. Èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ kò dojú dé rí, ìdí nìyí tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi ń pè é ní Kòṣubú. Ojú ló lé e kúrò nídìí iṣẹ́. Láti ọjọ́ tí dókítà ti ní kó fi ọkọ̀ sílẹ̀, kò sẹ́ni tó ń bi í ní nǹkan mọ́, àfi bóyá ó ti jẹun. Nígbà tí ọmọ rẹ̀ bi í ní ọ̀rọ̀ rìmù, ó lọ wá ṣòkòtò iṣẹ́ rẹ̀ àtijọ́ jáde. Ó mú sípánà, ó mú páìpù. Kí ọmọ tó fọ ojú tán, ó ti dúró lẹ́nu ọ̀nà.

Rìmù tí onírìmù kọ́kọ́ gbé jáde láàárọ̀ ọjọ́ náà dà bí èyí tó wà lára ọkọ̀ náà tẹ́lẹ̀. Irin dúdú lásán ni, kò fẹ̀, ó ti ń dógùn-ún díẹ̀ létí. Ó gbé e lé họ́ọ̀bù, ìyẹn irin roboto tó yọ síta níbi tí rìmù ń jókòó sí. Ó wọ̀ ọ́ wẹ́kú.

"Èyí ni tirẹ̀," ni onírìmù wí. "Bí ìkòkò àti ọmọrí ẹ̀."

Bàbá fi ọwọ́ pa irin náà yíká, bí ẹni pa orí ọmọ tí kò jẹun kánú.

"Ó tín-ín-rín jù. Kí lèyí fẹ́ gbé gun òkè?"

"Ohun tó ti ń gbé látijọ́ náà ni, Bàbá."

"Òun náà ló sán nínú kòtò."

Bàbá wọ inú ṣọ́ọ̀bù lọ fúnra rẹ̀. Ọwọ́ ló fi ń wò ó, nítorí ibẹ̀ ṣókùnkùn díẹ̀. Ọwọ́ rẹ̀ bà lé rìmù mẹ́rin kan tí wọ́n tò sí kọ̀rọ̀. Wọ́n fẹ̀, wọ́n wúwo. Táyà ti wà lára wọn, eyín táyà náà sì jìn. Ó fi àtàǹpàkò wọn ìjìn rẹ̀. Ó gbé ọ̀kan, ó sì mọ̀ lára pé nǹkan gidi lòun gbé.

"Èyí."

"Ìyẹn kì í ṣe tirẹ̀. Ara ọkọ̀ tó jù ú lọ ni mo ti tú u."

"Ihò nọ́ọ̀tì ẹ̀ mélòó?"

"Mẹ́rin."

"Ti ọkọ̀ wa ńkọ́?"

"Mẹ́rin náà ni. Mi ò jiyàn, wọ́n á wọra. Ihò àárín ni ò bá a mu." Onírìmù gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, ó gbé e lé họ́ọ̀bù, ó sì fi èékánná há àárín méjèèjì. "Ẹ wá fọwọ́ kàn án. Èékánná mi ń wọlé yípo. Kò jókòó lórí họ́ọ̀bù. Orí nọ́ọ̀tì nìkan ni gbogbo ẹrù máa wà. Òrùka rọ́bà kan wà tí wọ́n fi ń dí àlàfo yẹn. Kò sí nílẹ̀, àmọ́ tí ẹ bá lè dúró dọ̀la, mo lè wá a."

"Rọ́bà," ni Bàbá wí. Ó yíjú sí ọmọ rẹ̀. "Ìyá mi, ṣé o gbọ́? Òrùka rọ́bà ni wọ́n fẹ́ fi fẹ́ ọ."

Ìyá mi ló ti ń pè é láti kékeré, torí pé ó máa ń pàṣẹ fún un.

"Kò burú náà, Bàámi. Ọkọ ọ̀hún pàápàá ò tíì yọjú, ká tó máa ṣa òrùka."

Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta rẹ́rìn-ín. Bàbá ló kọ́kọ́ dákẹ́.

"Lára lọ́rì, a kì í bi ihò àárín léèrè. Nọ́ọ̀tì ló ń gbé táyà. Tí nọ́ọ̀tì bá ti dè, táyà ò níbi tó ń lọ."

Òótọ́ ni, fún irú lọ́rì tí Bàbá ń wà. Bọ́ọ̀tì tí nọ́ọ̀tì lọ́rì ń wọ̀ nípọn ju àtàǹpàkò àgbẹ̀ lọ. Ti ọkọ̀ kékeré ò ju ìka ọmọdé.

"Ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n ni kì í jẹ́ ká pe àgbà," ni onírìmù wí, ó sì gbé ẹnu dúró síbẹ̀.

"Parí ẹ̀."

"Mi ò parí ẹ̀. Ẹ̀yin lẹ̀ ń rajà."

Bàbá dúró de ọmọ rẹ̀. Kò rí ojú rẹ̀ dáadáa. Ọwọ́ Bàbá ṣì wà lórí rìmù náà.

"Tí Bàámi bá ti ní ó dáa," ni ọmọ wí, "ó dáa."

Onírìmù dìde láti bá wọn dè é. Bàbá na ọwọ́ dá a dúró. Ó ní lọ́dọ̀ àwọn onílọ́rì, ẹni tó bá yan táyà ló ń dè é, ẹni tó bá sì dè é ló ń jókòó sórí rẹ̀ ní ìrìn àkọ́kọ́. Bí ọwọ́ èèyàn bá ṣe iṣẹ́ tí kò dáa, ara rẹ̀ ni kó kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n. Onírìmù ní òfin dáadáa ni. Ó padà lọ jókòó.

Bàbá de méjì ẹ̀yìn. Ó de iwájú lápá ọ̀tún. Ó wá kan iwájú lápá òsì, níbi tí awakọ̀ ń jókòó sí. Nọ́ọ̀tì mẹ́ta àkọ́kọ́ ké, wọ́n dúró. Ìkẹrin ò ké. Bàbá tẹ páìpù, nọ́ọ̀tì náà yí, ó sì tún yí, ó rọ̀ bí ẹran tó ti jinná.

Bàbá fi ẹsẹ̀ kúrò lórí páìpù.

Ó mọ ohun tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Irin tó bá rọ̀ lábẹ́ sípánà ti ń fà. Irin tó bá ti fà kò ní padà sípò mọ́. Lára lọ́rì, ì bá ti tú u dànù, ì bá ti pe fún bọ́ọ̀tì mìíràn láìbojúwẹ̀yìn. Àmọ́ onírìmù ń wò ó.

"Ṣé ó ti tán, Bàámi?"

"Ó ti tán."

"Ẹ káre," ni onírìmù wí. "Tí ẹ bá ti rìn díẹ̀, ẹ yà padà wá ká tún yẹ̀ wọ́n wò. Ẹ jọ̀ọ́. Mi ò fi ṣeré."

Ọmọ ní àwọn á wá. Wọn ò lọ.

Láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, ọmọ náà bá Bàbá nínú ọkọ̀. Ó ti wọ bàtà.

"Bàámi, kí lẹ fẹ́ lọ ṣe níbi tí wọ́n ti ń gbẹ̀bí?"

"Mo fẹ́ jókòó sórí táyà mi."

"Mẹ́rin lẹ dè. Èwo nínú wọn?"

Bàbá ronú sí i. "Jẹ́ kí n wakọ̀," ló wí.

"Ẹ̀yin tí ẹ fi iyọ̀ sí tíì lánàá."

"Ọ̀nà tààrà ni."

"Ó dáa, kí ló wà lára pátákó tó wà lọ́ọ̀ọ́kán yẹn?"

Bàbá wo ọ̀ọ́kán. Kò rí pátákó kankan. Ó rọra sún sí àga kejì, ó de bẹ́líìtì mọ́ra. Ọmọ jókòó sídìí sítíárìn, lórí táyà iwájú lápá òsì.

Láàárín ìlú, kò sí wàhálà. Bí wọ́n bá ti yà ní kọ̀rọ̀, táyà á ha abẹ́ ọkọ̀ ṣàràrà, nítorí ó fẹ̀ ju ibùgbé rẹ̀ lọ. Ọmọ ní ó ń dún. Bàbá ní ó ń wá ààyè rẹ̀ ni. Nígbà tí wọ́n bọ́ sí ọ̀nà gbọọrọ, tí ọmọ tẹ iná kí eré lè pọ̀, sítíárìn bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n.

"Bàámi, ó ń gbọ̀n."

"Táyà tuntun ni. Kò tíì mọ ọ̀nà."

Ọmọ ń sọ̀rọ̀ nípa ibi iṣẹ́. Ó ní obìnrin tó jẹ́ ọ̀gá níbẹ̀ le, pé ẹni tó bá pẹ́ dé lọ́jọ́ kìíní, ojú burúkú ni yóò máa fi wò ó títí di ọjọ́ ìfẹ̀yìntì. Bàbá ń gbọ́, kò sì gbọ́. Àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ ló ń tẹ́tí sílẹ̀. Gbígbọ̀n náà ti kúrò ní sítíárìn, ó ti wọ ilẹ̀ ọkọ̀.

"Ó ń le sí i o."

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló yẹ kí Bàbá sọ. Dúró. Ó ti dé ẹnu rẹ̀. Tó bá sọ ọ́, ọmọ á bi í pé kí ló dé. Á ní láti sọ nípa nọ́ọ̀tì tó rọ̀. Àwọn á padà sí ṣọ́ọ̀bù. Ọmọ á pẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn, kò tún ní bi í ní nǹkan kan mọ́, àfi bóyá ó ti jẹun.

"Tí a bá dé orí òkè," ni Bàbá wí, "dúró síbẹ̀ ká yẹ̀ ẹ́ wò."

"Ó dáa."

Wọn ò dé orí òkè.

Bàbá gbọ́ ìró kan, pàù, bí ìgbà tí igi gbígbẹ bá dá. Òmíràn tẹ̀lé e, bọ́ọ̀tì méjì tó kù sì dá papọ̀. Ó ní, "Ìyá mi, dúró." Ọkọ̀ ti rọ̀ sápá òsì. Ojú rẹ̀ tí kò rí pátákó rí ohun kan níwájú ọkọ̀, ohun dúdú roboto tó ń yí gun òkè lọ jẹ́jẹ́, kò kánjú, bí ẹni tó mọ ibi tó ń lọ. Irin ń ha ojú ọ̀nà. Ọmọ ń fi ọwọ́ méjèèjì yí sítíárìn, sítíárìn ò dáhùn. Ògiri afárá kékeré kan wà níbẹ̀. Ẹ̀gbẹ́ ọmọ ni ọkọ̀ fi gbá a.

Bàbá ni àwọn èèyàn kọ́kọ́ gbé jáde, torí pé ilẹ̀kùn tirẹ̀ ṣí. Iwájú orí rẹ̀ bó díẹ̀. Ó ní kí wọ́n fi òun sílẹ̀, kí wọ́n gbé ọmọ òun. Ọkùnrin kan bẹ̀rẹ̀ wo inú ọkọ̀. Nígbà tó dìde, kò kánjú mọ́. Ó bọ́ aṣọ òkè rẹ̀, ó fi bo ojú fèrèsé náà. Fóònù ń dún nínú àpò ọmọ. Ó dún títí ó fi dákẹ́.

Lẹ́yìn tí wọ́n ti sin ọmọ náà, onírìmù wá sílé. Bàbá jókòó sórí àga ìdáná, ó wọ ṣòkòtò iṣẹ́ àtijọ́ náà. Onírìmù kí i, ó jókòó. Kò sọ pé mo ti sọ fún yín. Ì bá tẹ́ Bàbá lọ́rùn ká ní ó sọ ọ́.

"Nọ́ọ̀tì kan rọ̀ lọ́wọ́ mi," ni Bàbá wí.

"Lọ́jọ́ yẹn?"

"Lọ́jọ́ yẹn."

"Ẹ ò sọ."

"Mi ò sọ."

Onírìmù wo ilẹ̀. "Èmi náà rí i pé ẹ dúró," ló wí nígbà tó yá. "Mo ní kí n má fi àgbàlagbà ṣẹ̀sín lójú ọmọ rẹ̀. Èmi náà ni mo sì tà á."

Wọ́n jókòó bẹ́ẹ̀ títí ilẹ̀ fi fẹ́ ṣú. Onírìmù bi í bóyá ó ti jẹun. Bàbá ní òun ti jẹun. Kò tíì jẹun.

Wọ́n wọ́ ọkọ̀ náà lọ sí ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀bù onírìmù. Rìmù mẹ́ta ló kù lára rẹ̀. Àwọn tó wá tú u gbìyànjú lára nọ́ọ̀tì wọn, wọn ò lè tú ìkankan.