Àga Olórí Ẹ̀ka

Ní iléeṣẹ́ omi ìjọba, obìnrin ẹnjiníà méjì ló ń jókòó sí tábìlì kan náà. Wọ́n ń pe ọ̀kan ní Àgbà, wọ́n ń pe èkejì ní Kékeré, torí pé Àgbà fi ọdún kan ṣáájú wọṣẹ́. Nígbà tí ìjọba gbé àwọn ọmọ àná fò wọ́n lórí, àwọn méjèèjì jọ gba ilé ẹjọ́ lọ, wọ́n sì jàre. Adájọ́ ní kí wọ́n dá ipò wọn padà, kí Àgbà di olórí ẹ̀ka.

Ìjọba kì í ṣe ọ̀dẹ̀. Kékeré ni wọ́n gbé sórí àga olórí, wọ́n ní kó máa dì í mú ná, kí òun fúnra rẹ̀ wá fọwọ́ sí ìgbéga Àgbà. Ọ̀bẹ kì í mú kó gbẹ́ èkù ara rẹ̀. Oṣù ń gorí oṣù, Kékeré ò fọwọ́ sí nǹkan kan. Àgbà bẹ̀ ẹ́ títí ó sú u. Kò ju oṣù méjì lọ mọ́ tí yóò fẹ̀yìn tì, bó bá sì lọ láìgba ipò náà, ó tán nìyẹn. Ló bá pe Kékeré, ọ̀rẹ́ rẹ̀, lẹ́jọ́ pé ó tàpá sí àṣẹ ilé ẹjọ́.

Lọ́jọ́ ìgbẹ́jọ́, lọ́yà ìjọba tọrọ oṣù mẹ́ta sí i. Inú bí Àgbà gidigidi. Kékeré mọ ọjọ́ ìfẹ̀yìntì rẹ̀ dáadáa.

Adájọ́ kọjú sí Kékeré. "Ṣebí ẹ̀yin náà lẹ wá bẹ̀bẹ̀ fún àṣẹ yìí níwájú mi. Kí ló wá dé?"

"Olúwa mi, mo ti jókòó."

Àwọn èèyàn bú sẹ́rìn-ín. Adájọ́ ò bá wọn rẹ́rìn-ín. "Ẹ fọwọ́ sí i báyìí, tàbí kẹ́ ẹ wà látìmọ́lé títí tẹ́ ẹ máa fi fọwọ́ sí i. Àfi tí olùpẹjọ́ bá fún yín láyè oṣù mẹ́ta náà."

"Mi ò fún wọn láyè," ni Àgbà wí.

Kékeré ò gba bírò tí wọ́n nà sí i. Agídí rẹ̀ kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Bí ọlọ́pàá ṣe ń mú un jáde, ó yíjú sí Àgbà: "Jọ̀ọ́, bá mi yà sọ́dọ̀ màmá mi. Sọ pé iṣẹ́ gbé mi rìnrìn àjò."

Àgbà lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé inú ṣì ń bí i. Ó bá ìyá àgbàlagbà náà níwájú ilé, ó ń ṣa ìrẹsì. Ó jíṣẹ́. Màmá kàn mi orí, ó ní iṣẹ́ olórí ò lè má rí bẹ́ẹ̀.

"Ìwọ ńkọ́, ọmọ mi? Wọ́n ti fún ọ nípò tìrẹ?"

"Ó kù díẹ̀, màmá."

"Ó kù díẹ̀ láti ọjọ́ yìí? Ta ló ń dí ọ lọ́nà?"

Màmá gbé atẹ ìrẹsì sílẹ̀, ó na ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Ẹni yòówù kó jẹ́, kò ní rójú, kò ní ráyè. Ilé ayọ̀ ò ní gbà á."

Ó yíjú sí Àgbà, ọwọ́ ṣì wà lókè.

"Àbí o ò ní ṣàmín ni?"